Kí Ni Ara Yín Kò Gbà? Ìbéèrè Tí Kò Gbọdọ̀ Sọnù Láàrin Àkúrẹ́ àti Oǹdó

Abéèrè kì í ṣìnà, bẹ́ẹ̀ ni àwọn àgbà wí. Ṣùgbọ́n bí ẹni tó yẹ kó béèrè bá pa ẹnu mọ́, tí ẹni tó mọ ọ̀nà sì wà lẹ́gbẹ̀ẹ́ rẹ̀, ta ni ẹ̀bi yóò kàn nígbà tí àwọn méjèèjì bá jọ já sí kòtò? Ọ̀rọ̀ yìí kò jìnnà sí ohun tó lè ṣẹlẹ̀ ní wọ́ọ̀dù àwọn tí wọ́n ṣẹ̀ṣẹ̀ ṣe iṣẹ́ abẹ fún. Oníṣẹ́ abẹ ti ṣe tirẹ̀ bí iṣẹ́. Wọ́n ti rán ojú ọgbẹ́, aláìsàn ti lajú, àwọn ẹbí sì ti ń dúpẹ́ lọ́wọ́ Ọlọ́run. Lẹ́yìn èyí ni abẹ́rẹ́ kan wọlé, abẹ́rẹ́ tí wọ́n fi fẹ́ dènà kòkòrò tàbí tí wọ́n fi fẹ́ rọ ìrora, ara aláìsàn sì kọ̀ ọ́. Kí ilẹ̀ tó ṣú, ẹni tó ti la odò já tún bẹ̀rẹ̀ sí í rì.

Bí irú nǹkan bẹ́ẹ̀ bá ṣẹlẹ̀ láìsí ẹni tó lè mọ̀ tẹ́lẹ̀, kádàrá ni ènìyàn yóò pè é. Ṣùgbọ́n bí aláìsàn fúnra rẹ̀ bá mọ̀ pé abẹ́rẹ́ kan ti fẹ́rẹ̀ẹ́ pa òun rí, tí ìyá tàbí ìyàwó rẹ̀ náà mọ̀, tí kò sì sí ẹni tó bi wọ́n léèrè, tàbí tí wọ́n bi wọ́n tí kò sì sí ẹni tó kọ ìdáhùn wọn sílẹ̀, àìbìkítà ni orúkọ ohun tó ṣẹlẹ̀. Ìdí nìyí tó fi yẹ kí ó di òfin ní gbogbo ilé ìwòsàn tí wọ́n ti ń ṣe iṣẹ́ abẹ, láti Àkúrẹ́ títí dé ìlú Oǹdó, pé kí wọ́n máa bi aláìsàn ní èdè tó gbọ́ nípa ohun tí ara rẹ̀ kò gbà, kí wọ́n kọ ìdáhùn náà síbi tí ojú kò ti lè fò ó, kí wọ́n sì fi ẹ̀dà rẹ̀ lé e lọ́wọ́ nígbà tó bá ń lọ sílé. Kò ná owó ńlá. Ẹni tó bá ní kò ṣeé ṣe, kò tíì fẹ́ ṣe é ni.

Ó yẹ kí ọ̀rọ̀ náà kọ́kọ́ yé gbogbo ènìyàn. Àlẹ́jì ni orúkọ tí tọmọdé tàgbà ti sọ di tiwọn. Clemens von Pirquet, dókítà ọmọ ilẹ̀ Austria, ló dá orúkọ náà sílẹ̀ ní ọdún 1906. Ara ènìyàn ní àwọn ẹ̀ṣọ́ tí ń gbógun ti kòkòrò àrùn. Ṣùgbọ́n àwọn ẹ̀ṣọ́ yìí a máa ṣi ẹni mú nígbà mìíràn: wọ́n á rí oògùn, wọ́n á pè é ní ọ̀tá, wọ́n á sì bẹ̀rẹ̀ ìjà tí yóò ba ilé tí wọ́n ń ṣọ́ jẹ́. Lára ẹlòmíràn, ìjà náà kò ju kí ara máa yún, kí ó sì lé wúruwùru lọ. Lára ẹlòmíràn, ètè àti ahọ́n á wú, ọ̀nà ọ̀fun á dí, èémí á máa dún bíi fèrè, ìfúnpá á sì já wálẹ̀ débi pé ẹ̀jẹ̀ kò ní dé ọpọlọ mọ́. Ẹni tó ti lo oògùn kan rí láìsí wàhálà sì lè rí ìjà rẹ̀ nígbà tó bá tún lò ó.

Ibùsùn ẹni tó ṣẹ̀ṣẹ̀ kúrò lábẹ́ ọ̀bẹ ni ó ṣòro jù láti dá ìjà yìí mọ̀. Lákọ̀ọ́kọ́, oògùn tó wọ ara rẹ̀ láàrin wákàtí díẹ̀ pọ̀ jọjọ: èyí tó kùn ún lóorun, èyí tí ń pa kòkòrò, èyí tí ń rọ ìrora, pẹ̀lú ẹ̀jẹ̀ tí wọ́n fà sí i, oògùn olómi tí wọ́n fi nu ara rẹ̀, àti ìbọ̀wọ́ rọ́bà tí àwọn dókítà wọ̀. Gbogbo wọn ló lè fa àlẹ́jì. Ìwádìí ńlá tí Kọ́lẹ́ẹ̀jì Ọba ti àwọn dókítà tí ń kun aláìsàn lóorun ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì gbé jáde ní 2018 fi hàn pé oògùn apakòkòrò nìkan ló wà nídìí ohun tó sún mọ́ ìdajì nínú àwọn àlẹ́jì líle tí wọ́n rí ní àkókò iṣẹ́ abẹ. Lọ́nà kejì, oorun ṣì wà lójú aláìsàn, kò lè sọ pé ọ̀fun ń há òun. Aṣọ bo ara rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò rí ohun tó lé sí i lára. Lọ́nà kẹta, bí ìfúnpá rẹ̀ bá já wálẹ̀, ohun tí dókítà yóò kọ́kọ́ rò ni pé ẹ̀jẹ̀ ń dà nínú. Bí ara bá sì ń yún un, ó lè jẹ́ morphine, tí í máa mú ara yún láìsí àlẹ́jì kankan, ló fà á.

Àkókò kò sì sí láti máa ronú lọ, ronú bọ̀. Ìwádìí kan lórí àwọn tí àlẹ́jì pa ní ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, tí wọ́n tẹ̀ jáde ní ọdún 2000, fi hàn pé bí oògùn ilé ìwòsàn bá ni ó fà á, ìṣẹ́jú márùn-ún péré ni ó sábà máa ń jẹ́ kí ọkàn aláìsàn tó dákẹ́. Ìṣẹ́jú márùn-ún kò tó fún mọ̀lẹ́bí láti sáré dé ọ̀dọ̀ olóògùn tó wà lẹ́nu ọ̀nà ilé ìwòsàn kí ó sì padà. Ìdí nìyí tí iṣẹ́ náà fi gbọ́dọ̀ bẹ̀rẹ̀ kí abẹ́rẹ́ tó wọlé, láti orí ìbéèrè.

Báwo ni wọ́n ṣe ń béèrè nísinsìnyí? Ní ọ̀pọ̀ ilé ìwòsàn ilẹ̀ yìí, èdè Gẹ̀ẹ́sì ni ìbéèrè náà fi wà nínú fọ́ọ̀mù. Nọ́ọ̀sì tí iṣẹ́ ti wọ̀ lọ́rùn á bi ìyá àgbẹ̀ kan láti Ìdànrè bóyá ó ní àlẹ́jì. Ìyá á ní rárá, nítorí kò mọ ohun tí wọ́n ń bi í. Nọ́ọ̀sì á fa ìlà kan, ó ti tán. Bí wọ́n bá bi ìyá kan náà pé, “Ìyá, ǹjẹ́ oògùn kan wà tí ẹ lò rí tí ara yín yún, tí ojú tàbí ètè yín wú, tàbí tí ẹ kò lè mí dáadáa?”, bóyá ìyá á rántí abẹ́rẹ́ tí wọ́n gún òun lọ́jọ́ tí òun bí àbíkẹ́yìn òun. Ọ̀rọ̀ yìí kì í ṣe àjèjì sí Yorùbá rárá. Ẹni tó bá ń fún ènìyàn ní àgúnmu tàbí àgbo a máa sọ èèwọ̀ rẹ̀ fún un. Gbogbo ìdílé ló mọ̀ pé ohun tí Táyé jẹ tó fi yó lè jẹ́ èèwọ̀ fún Kẹ́hìndé. Ìtumọ̀ àlẹ́jì wà nínú èdè yìí kí von Pirquet tó fún un lórúkọ. Àwọn tó yẹ kí ó lo èdè náà ni kò lò ó.

Ìbéèrè tó péye ń ṣiṣẹ́ méjì. Ó ń fi ewu hàn, ó sì ń mú ìbẹ̀rù asán kúrò. Ọ̀pọ̀ ènìyàn ní Ìpínlẹ̀ Oǹdó ló máa ń sọ pé ara àwọn kò gba chloroquine, nítorí ó máa ń yún wọn bí èèsì. Òótọ́ ni wọ́n sọ, ṣùgbọ́n irú yíyún bẹ́ẹ̀, tó wọ́pọ̀ lára aláwọ̀ dúdú, kì í ṣe àlẹ́jì gidi. Bẹ́ẹ̀ náà ni ọ̀rọ̀ penicillin rí. Ní Amẹ́ríkà, nǹkan bí ènìyàn 10 nínú 100 ló ń sọ pé ara àwọn kò gbà á, ṣùgbọ́n bí wọ́n bá yẹ̀ wọ́n wò dáadáa, ó ju 9 nínú 10 wọn lọ tí wọ́n lè lò ó láìsí ewu. Àṣìkọ náà sì ní ìyà tirẹ̀: ìwádìí kan tó jáde ní ìlú Boston ní 2018 fi hàn pé ó ṣeé ṣe kí kòkòrò wọ ojú ọgbẹ́ iṣẹ́ abẹ àwọn tí wọ́n kọ ọ́ sí lórúkọ bẹ́ẹ̀ ju ti àwọn yòókù lọ ní ìlọ́po kan àti ààbọ̀, nítorí oògùn tó dára jù ni wọ́n fi dù wọ́n. Nítorí náà, kò tó kí wọ́n kọ “àlẹ́jì” sílẹ̀ lásán. Ó yẹ kí wọ́n kọ orúkọ oògùn, ohun tó ṣe fún ara, àti ọdún tó ṣẹlẹ̀. Ó sì yẹ kí wọ́n ṣí aláìsàn lójú sí orúkọ mìíràn tí oògùn kan náà ń jẹ́. Ọ̀pọ̀ tó ń sá fún penicillin ni kò mọ̀ pé ọmọ ìyá rẹ̀ ló wà nínú Ampiclox tí gbogbo ilé ń lò bí ẹní ń lo iyọ̀.

Kì í ṣe ẹ̀bẹ̀ ni wọ́n ń bẹ ilé ìwòsàn nínú ọ̀rọ̀ yìí. Òfin ti sọ̀rọ̀. Òfin Ìlera Orílẹ̀-èdè Nàìjíríà ti ọdún 2014, ní abala 23, ní kí olùtọ́jú máa ṣàlàyé fún aláìsàn ní èdè tó yé e níbi tó bá ti ṣeé ṣe, kí ó sì wo bí ìmọ̀ ìwé rẹ̀ ṣe mọ. Abala 25 ní kí àkọsílẹ̀ wà fún gbogbo ẹni tó gba ìtọ́jú. Ṣáájú òfin yìí, ní 2008, Àjọ Ìlera Àgbáyé ti gbé ìwé àyẹ̀wò tí a ń lò níbi iṣẹ́ abẹ jáde, ìbéèrè 19 lórí ewé bébà kan. Lára àwọn tó wà ní ìbẹ̀rẹ̀, kí wọ́n tó kun aláìsàn lóorun, ni ìbéèrè bóyá ó ní àlẹ́jì tí wọ́n mọ̀. Wọ́n dán ìwé náà wò ní ilé ìwòsàn mẹ́jọ káàkiri ayé, Ifakara ní Tanzania wà lára wọn. Iye àwọn tó ń kú lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ já wálẹ̀ láti 1.5 nínú 100 sí 0.8. Gbogbo ìbéèrè náà ló para pọ̀ ṣe é, kì í ṣe ti àlẹ́jì nìkan, ṣùgbọ́n ẹ̀kọ́ ibẹ̀ ni pé bébà kan àti ẹnu tó ń béèrè lè gba ẹ̀mí là níbi tí owó kò sí.

Ọ̀nà Àkúrẹ́ sí Oǹdó ló wá fi ìdí ọ̀rọ̀ múlẹ̀. Láti ọdún 2015 ni Yunifásítì Ìmọ̀ Ìṣègùn, UNIMED, ti wà ní ìlú Oǹdó. Ilé ìwòsàn ẹ̀kọ́ rẹ̀ sì ti ní ẹsẹ̀ méjì rí, ọ̀kan ní Àkúrẹ́, ọ̀kan ní Oǹdó. Oǹdó ni ibùdó ìtọ́jú ẹni tó fara pa àti iṣẹ́ abẹ wà. Ilé Ìwòsàn Ìyá àti Ọmọ sì wà ní ìlú méjèèjì. Aláìsàn ń lọ, ó ń bọ̀ láàrin wọn. Ẹni tó ní ìjàǹbá ọkọ̀ nítòsí Àkúrẹ́ lè bá ara rẹ̀ lórí ibùsùn ní Oǹdó. Ìyá tí wọ́n fi iṣẹ́ abẹ gbẹ̀bí fún ní Àkúrẹ́ lè padà sí Ọwẹnà tàbí Bọ́lọ́rundúró, kí ara rẹ̀ tó bẹ̀rẹ̀ sí í lé ní ọjọ́ kẹta tàbí ìkẹrin, nítorí àlẹ́jì mìíràn máa ń pẹ́ kí ó tó yọjú. Ẹni tí yóò tọ́jú rẹ̀ níbẹ̀ kò ní mọ oògùn tó gbà. Bí fáìlì bébà bá dúró sí Àkúrẹ́ nígbà tí ara aláìsàn ti dé Oǹdó, ìkìlọ̀ inú rẹ̀ kò wúlò fún ẹnikẹ́ni. Níwọ̀n ìgbà tí aláìsàn ti ń lọ, tó ń bọ̀ láàrin ilé ìwòsàn ìlú méjèèjì, àwáwí kankan kò sí tí ìlú kan yóò fi mọ̀ kí èkejì má mọ̀.

Àwọn kan á ní àlẹ́jì líle ṣọ̀wọ́n. Òótọ́ ni. Ìwádìí ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì yẹn kan náà fi í sí nǹkan bí ẹyọ kan nínú 10,000 iṣẹ́ abẹ. Ṣùgbọ́n iná kì í jó ilé lójoojúmọ́, síbẹ̀ kò sí olóye tó ń tọ́jú epo bẹntiróòlù sẹ́gbẹ̀ẹ́ àdògán. Àwọn mìíràn á ní dókítà àti nọ́ọ̀sì ti jàpá tán, ọwọ́ kò tó. Èyí náà jẹ́ òótọ́, ṣùgbọ́n ó túbọ̀ fi hàn pé àkọsílẹ̀ pọn dandan ni. Níbi tí nọ́ọ̀sì kan ti ń ṣọ́ ibùsùn púpọ̀ lóru, tí kò sì sí níbẹ̀ nígbà tí wọ́n gba aláìsàn wọlé, kí ni yóò sọ fún un bí kò bá sí àmì pupa lọ́rùn ọwọ́ aláìsàn? Bí mọ̀lẹ́bí bá sì ń mú ìwé oògùn lọ sí ṣọ́ọ̀bù ìta nítorí pé oògùn ti tán nínú ilé ìwòsàn, ìlà kan lórí ìwé yẹn lè mú kí olóògùn náà dá abẹ́rẹ́ tí kò yẹ dúró.

Àwọn mìíràn á ní kò sí owó. Kí ni owó wà fún ná? Gègé pupa, okùn ọrùn ọwọ́ pupa, ìwé kékeré tí wọ́n fi ike bò. Èyí tó kù ni adrenaline, oògùn àtijọ́ tí kì í ṣe ti olówó. Níbí gan-an ni àṣà burúkú kan ti gbilẹ̀, kì í sì í ṣe ní ilẹ̀ yìí nìkan. Bí ara aláìsàn bá kọ oògùn, hydrocortisone àti Phenergan ni ọ̀pọ̀ ń sáré mú, wọ́n á sì máa wò ó bóyá yóò rọ̀. Àwọn méjèèjì kì í tètè ṣiṣẹ́, wọn kò sì lè ṣí ọ̀fun tó ti dí. Bí èémí bá ti há tàbí tí ìfúnpá ti já, adrenaline ni oògùn àkọ́kọ́. Ìwọ̀n rẹ̀ fún àgbàlagbà jẹ́ 0.5 miligíráàmù, ìṣan ẹ̀gbẹ́ itan ni wọ́n ń gún un sí, wọ́n sì lè tún un gún lẹ́yìn ìṣẹ́jú márùn-ún bí kò bá rọ̀. Kí wọ́n dá oògùn tó fa ìjà náà dúró, kí aláìsàn dùbúlẹ̀, kí wọ́n gbé ẹsẹ̀ rẹ̀ sókè, kí wọ́n fún un ní ọ́síjìn àti omi ìdáramú. Bí ara rẹ̀ bá sì ti balẹ̀, kí wọ́n má gbàgbé rẹ̀, nítorí ìjà náà lè padà lẹ́yìn wákàtí díẹ̀. Wọ́ọ̀dù iṣẹ́ abẹ tí adrenaline rẹ̀ wà nínú àpótí tí wọ́n tì, tí ẹni tó ní kọ́kọ́rọ́ rẹ̀ sì ti lọ sílé, kò ní adrenaline.

Àwáwí tó burú jù ni èyí tó fi ẹ̀sìn àti ìbẹ̀rù bojú. Àìsàn là á wò, a kì í wo ọlọ́jọ́, ni wọ́n ń wí. Ọ̀rọ̀ ìtùnú ni òwe yìí fún ẹni tó ti sa gbogbo ipá rẹ̀. Ẹni tí kò béèrè ìbéèrè kan kò lẹ́tọ̀ọ́ láti fi í bojú. Ohun tí wọn kò bá sì fún ní orúkọ rẹ̀ gidi, ayé á fún un ní orúkọ mìíràn. Bí aláìsàn tó ti ń rẹ́rìn-ín láàárọ̀ bá kú lálẹ́, tí ilé ìwòsàn kò sì ṣàlàyé, ilé ni wọ́n á ti wá ẹni tí yóò ru ẹ̀bi náà. Ìyá ọkọ á di àjẹ́, orogún á di apànìyàn, ìdílé á tú ká. Àbúrò olóògbé, tó ṣeé ṣe kí òun náà nílò ìkìlọ̀, kò ní mọ ohunkóhun tó yẹ kí ó sọ fún dókítà.

Ìpínlẹ̀ Oǹdó kò lè sọ pé òun kò mọ bí wọ́n ṣe ń ṣe irú nǹkan yìí. Nígbà ìjọba Gómìnà Olúṣẹ́gun Mímíkò, ètò Abiyé tó bẹ̀rẹ̀ ní 2009 fi ẹ̀rọ alágbèéká lé àwọn aláboyún lọ́wọ́ kí wọ́n lè máa pe òṣìṣẹ́ ìlera. Ohun kékeré lọ́wọ́ aláìsàn ló jẹ́, ó sì gba àfiyèsí ayé. Ní 2010, ìpínlẹ̀ náà ṣe òfin pé kí wọ́n máa jábọ̀ ikú gbogbo ìyá tó kú nítorí oyún tàbí ìbímọ, kí wọ́n sì wádìí rẹ̀ láìfi orúkọ ẹnikẹ́ni ṣe ẹ̀sín, kí ẹ̀kọ́ lè jáde níbẹ̀. Irú ìwádìí bẹ́ẹ̀ gan-an ni àlẹ́jì líle lẹ́yìn iṣẹ́ abẹ nílò. Kò sì ní bẹ̀rẹ̀ lórí òfo, nítorí NAFDAC ti ní ibùdó tí ń gba ìròyìn oògùn tó ṣe ènìyàn ní jàǹbá, Nàìjíríà sì ti wà nínú ètò Àjọ Ìlera Àgbáyé lórí ọ̀rọ̀ yìí láti 2004. Ìròyìn tí wọ́ọ̀dù kò bá kọ ránṣẹ́ kò lè dé ibẹ̀.

Nítorí náà, ojúṣe ìjọba ní Alágbàká ni láti pàṣẹ kí ìwé àlẹ́jì kan náà, ní Yorùbá àti Gẹ̀ẹ́sì, wà ní gbogbo ilé ìwòsàn tí wọ́n ti ń ṣe iṣẹ́ abẹ, ti ìjọba àti ti aládàáni. Ojúṣe àwọn alákòóso ni kí adrenaline wà níbi tí ọwọ́ nọ́ọ̀sì lè tètè tó, kí nọ́ọ̀sì náà sì ní àṣẹ láti lò ó láìdúró de ẹnikẹ́ni. Ojúṣe UNIMED ni láti kọ́ àwọn akẹ́kọ̀ọ́ rẹ̀ bí wọ́n ṣe ń bi àgbàlagbà ní èdè rẹ̀, nítorí dókítà tí kò lè béèrè kò tíì kọ́ṣẹ́ tán.

Ojúṣe ẹbí náà kò kéré. Kí wọ́n sọ ohun tí wọ́n mọ̀ kí wọ́n tó bi wọ́n. Kí wọ́n mú páálí oògùn tó ṣe aláìsàn ní jàǹbá rí dání. Kí wọ́n má fi àgbo tàbí oògùn tó ń lò nílé pa mọ́ nítorí ìtìjú. Lọ́jọ́ tí wọ́n bá sì ní kí aláìsàn máa lọ sílé, tí wọ́n ti sanwó tán, tí ọkọ̀ ti ń dúró lẹ́nu ọ̀nà, kí wọ́n béèrè ìwé tó sọ oògùn tó gbà àti èyí tí ara rẹ̀ kọ̀. Bí wọn kò bá tíì kọ ọ́, kí ọkọ̀ ṣì dúró.